Ètù Ìbọn Olúọ́dẹ Ìjàn

Adó-Èkìtì, Ọjọ́ Ẹtì, oṣù kẹta, 1956

Wọ́n ti gba láísẹ́ǹsì ètù ìbọn lọ́wọ́ mi. Akọ̀wé ọ́fíìsì ìjọba ní mo ta ètù tó pọ̀ jù fún ẹnìkan ṣoṣo. Olúọ́dẹ Ìjàn ni ẹni náà! Ta ni kò mọ̀ pé bí àgbà ọdẹ bá papò dà, Olúọ́dẹ ló ń ra ètù fún gbogbo ọdẹ tí yóò yìnbọn ìsìnkú?

"Akọ̀wé, ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé."

"Ọ̀gá ti fọwọ́ sí i. Ẹ máa lọ."

Agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá là ń pè ní àgbà òṣìkà. Èyí tí kò gbọ́ ti ẹnikẹ́ni ńkọ́?

Òórùn ètù ṣì wà lára pákó ṣọ́ọ̀bù. Bí aṣọ bàbá mi ṣe máa ń rùn nìyẹn, òun ló fi òwò yìí sílẹ̀ fún mi. Bí èmi àti àbúrò mi bá jà, pàṣán á wà lórí itan bàbá mi, kò ní gbé e sókè. Á kọ́kọ́ gbọ́ ti àbúrò mi tán, á wá yíjú sí mi pé kí n sọ tèmi.

Bí mo ṣe dúró níwájú akọ̀wé yẹn lónìí, àgbà bíi tèmi, ohùn bàbá mi ni mò ń retí: "Ùwọ ńkọ́?"