Gíláàsì Tí Kò Gbọdọ̀ Sinmi

Ajé, ọjọ́ kẹfà oṣù Ẹrẹ́nà, 1972

Ìwé mi, má bínú sí mi. Ọwọ́ mi kò dára, lẹ́tà mi ń ṣubú lura wọn bí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rìn. Kíláàsì keje ni mo ti kúrò ní ilé-ìwé, ọ̀rọ̀ a sì máa pẹ́ kó tó ti ọkàn mi dé ọwọ́ mi. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí mo lè bá sọ̀rọ̀ nínú ilé yìí tí ìyá ọkọ mi kò ní gbọ́.

Yàrá kan ṣoṣo ni. Kọ́bọ́ọ̀dù aṣọ ló pín in sí méjì – ẹ̀yìn rẹ̀ ni èmi àti Ilko ń sùn, iwájú rẹ̀ ni ti Ìyá. Àga wọn wà lẹ́bàá ilẹ̀kùn. Ẹni tó ń jáde, ẹni tó ń wọlé, wọn á bi í léèrè ibi tó ń lọ àti ibi tó ti ń bọ̀. Aṣọ́bodè ni mo ń pè wọ́n nínú ọkàn mi. Bí ibùsùn wa bá dún pẹ́rẹ́, Aṣọ́bodè á húkọ́. Láti oṣù Bélú la ti ṣègbéyàwó. Wo bí ikọ́ náà ti pọ̀ tó.

Àmọ́ ìròyìn ayọ̀ wà. Wọ́n ti gbà mí síbi tí Ilko ti ń ṣiṣẹ́ ní yunifásítì, kí wọ́n fi dán mi wò ná. Fífọ ìgò, ṣíṣọ́ ìléru. Bí mo bá yege títí ìparí oṣù Ìgbé, wọ́n á fún àwa méjèèjì ní yàrá nínú ilé àwọn òṣìṣẹ́. Yàrá tiwa. Ilẹ̀kùn tiwa.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kẹjọ

Ọdún àwọn obìnrin. Ilko ra òdòdó méjì. Èyí tó tóbi, ti Ìyá. Èyí tó kéré, tèmi. Ó ṣẹ́jú sí mi látẹ̀yìn wọn. Mo dárí jì í.

Ẹtì, ọjọ́ kẹwàá

Yolana ló ń kọ́ mi níṣẹ́. Ó jù mí lọ díẹ̀, ẹnu rẹ̀ sì mú bí abẹ. Lónìí ó ní, "Ìyàwó tuntun, kí ló dé tó o fi ń yán báyìí? Ṣé ìléru Ilko kì í kú mọ́jú ni?" Mo da omi sí bàtà ara mi. Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín títí.

Iṣẹ́ náà nìyí, bó ti yé mi mọ. Wọ́n á wọn áséníìkì àti sẹ̀léníọ̀mù – olóró ni, a kì í fọwọ́ kan ẹnu – sínú ìgò tẹ́ẹ́rẹ́ kan. Wọ́n á fa afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ jáde, wọ́n á fi iná yọ́ ẹnu rẹ̀ pa. Ìgò á wọ inú ìléru tó ń mì síwá sẹ́yìn bí ẹni ń rẹ ọmọ lẹ́kún, títí gbogbo ohun inú rẹ̀ á fi yọ́ pọ̀. Bí aago bá dún, wọ́n á fi ẹ̀mú yọ ọ́, wọ́n á rì í sínú omi yìnyín – ṣàà! Ó di gíláàsì. Dúdú kirikiri, ó ń dán, mo rí ojú mi nínú rẹ̀.

Mo bi Ilko nídìí oúnjẹ pé kí ni wọ́n ń fi í ṣe. Ojú rẹ̀ tàn. Ó ní, "Iná mànàmáná ò rọ́nà gbà nínú ẹ̀. O tì í, ó kọ̀. O tún tì í sí i, ó kọ̀. Ṣùgbọ́n tí títì yẹn bá dé ìwọ̀n kan báyìí, wàrà, ó ṣílẹ̀kùn!" Ó lu tábìlì. Ọbẹ̀ dà.

Aṣọ́bodè ní, "Ṣé orí aṣọ tábìlì mi ló ti máa ṣí i ni?"

Ó ní oríṣi méjì ló wà. Ọ̀kan á tún ilẹ̀kùn tì bí iná bá ti dẹwọ́: Agbàgbé ni wọ́n ń pè é níbi iṣẹ́. Èkejì, tó bá ti ṣí, ó ṣí náà nìyẹn: ìyẹn ni Onírántí.

"Èyí tó ń gbàgbé yẹn," Aṣọ́bodè wí, "mo ní ọ̀kan nílé. Mo ní kó ra iyọ̀ lánàá." Èmi ni wọ́n ń bá wí. Mo rẹ́rìn-ín. Ó dùn mí, síbẹ̀ mo rẹ́rìn-ín.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹrìnlá

Ọ̀gá wa, Dókítà Melania, bi mí lójú gbogbo ènìyàn pé kí ló dé tí a fi ń pe gíláàsì wa ní aláìlẹ́sẹẹsẹ. Mo mọ̀ ọ́n! Ilko ti fi ohùn jẹ́jẹ́ kọ́ mi lẹ́yìn kọ́bọ́ọ̀dù. Ẹnu mi kò là. Dókítà dúró, wọ́n tún dúró, wọ́n sì dá ara wọn lóhùn:

"Nínú iyọ̀, gbogbo ẹ̀rún inú ẹ̀ tò lẹ́sẹẹsẹ bí ọmọ ilé-ìwé. Nínú gíláàsì, òtútù dé kí wọ́n tó rí ìlà tò sí. Ibi tó ká oníkálukú mọ́, ibẹ̀ ló máa wà."

Mo ń rò ó lórí afárá bí mo ti ń lọ sílé. Ó ká wọn mọ́. Àánú wọn ṣe mí.

Àìkú, ọjọ́ kọkàndínlógún

Òjò. Ilko lọ pẹja lódò Uzh. Aṣọ́bodè, èmi, kọ́bọ́ọ̀dù.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹtàlélógún

Lónìí ni mo kọ́kọ́ dá ìléru ṣọ́. Wọ́n ní kí Ilko wá bá wọn gbé sílíńdà gáàsì. Ó ní, "Tí aago bá dún, yọ ọ́, rì í. Kíá."

Aago dún. Mo mú ẹ̀mú. Mo wo omi náà, yìnyín ń léfòó nínú rẹ̀. Ọwọ́ mi kọ̀.

Ní Huta, abúlé wa lórí òkè, iṣẹ́ fífi ẹnu fẹ́ ìgò nídìí iná ni bàbá mi ń ṣe, òun náà ni bàbá wọn ṣe. Kí ọmọ tó mọ orúkọ ara rẹ̀ níbẹ̀ ló ti mọ̀ pé gíláàsì gbígbóná àti omi tútù, ọ̀tá ni wọ́n. Vasko, ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi, da omi sórí ọ̀kan. Ó fọ́ yángá, ojú kan ló kù fún un. Inú ààrò tó ti ń kú lọ la ń fi gíláàsì sí, kó sinmi títí ilẹ̀ á fi mọ́.

Mo ní nínú ara mi pé ìkánjú ará ìlú ni wọ́n ń ṣe. Mo pa ìléru, mo ti ilẹ̀kùn rẹ̀, mo jẹ́ kí ìgò náà sinmi síbẹ̀. Ilko dé, ó ní, "Ó ti parí?" Mo ní ó ti parí. Inú mi dùn. Mo rò pé mo ti ṣe é ju bí wọ́n ti ń ṣe é lọ.

Ẹtì, ọjọ́ kẹrìnlélógún

Ìgò yẹn, àwọn olùwádìí ìlú ńlá Leningrad ni a ń ṣe é fún. Láti ìgbà ìkórè ni wọ́n ti ń retí sẹ̀léníọ̀mù mímọ́ tó wà nínú rẹ̀. N kò mọ̀.

Dókítà fọ́ ọ lójú wa. Kò dúdú. Kò dán. Eérú-eérú, ó rí hóró-hóró bí ìkòkò irin tó fọ́. Yolana fọwọ́ bo ẹnu: "Ó ti tò!"

Dókítà ní, "Ta ló wà nídìí ìléru?"

Kí n tó mí, Ilko ti dáhùn. "Èmi ni, Dókítà. Oorun ló gbé mi lọ."

"Tó bá rí bẹ́ẹ̀, gbàgbé Leningrad." Ìgbà yẹn ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ pé wọ́n fẹ́ rán an lọ síbẹ̀ lọ kọ́ṣẹ́ sí i. Ó ń fi pamọ́ fún mi kó lè yà mí lẹ́nu.

Lójú ọ̀nà mo ń sunkún. Ó ní, "Tí wọ́n bá mọ̀ pé ìwọ ni, iṣẹ́ ẹ parí, yàrá wa parí. Háfíà, dákẹ́."

Dákẹ́ – ohun tí mo mọ̀ ọ́n ṣe jù nìyẹn.

Àìkú, ọjọ́ kẹrìndínlọ́gbọ̀n

Ilko kò jẹun. Aṣọ́bodè se ọbẹ̀ ẹran aláta pupa tó fẹ́ràn jù, ó yí i sẹ́gbẹ̀ẹ́. Wọ́n wò mí. "Kí lo fi ṣe ọmọ mi, ọmọ orí òkè?"

Ajé, ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n

Mo ti sọ ọ́.

Mo dé ẹnu ọ̀nà Dókítà, mo padà. Mo tún dé ibẹ̀, mo tún padà. Yolana fi ìgbáròkó tì mí: "Wọlé jàre! Ẹni tó ń fa áséníìkì símú bí afẹ́fẹ́ lójoojúmọ́, ilẹ̀kùn ló ń bẹ̀rù."

Mo ní, "Dókítà, kì í ṣe Ilko. Èmi ni. Mo jẹ́ kó sinmi ni."

Wọ́n bọ́ awò ojú wọn. "Kó sinmi?"

Ni mo bá sọ gbogbo rẹ̀, Huta, bàbá mi, ojú Vasko. N kò sọ̀rọ̀ tó báyẹn rí láyé mi. Dókítà kò jágbe mọ́ mi. Ohùn wọn lọ sílẹ̀: "Gíláàsì bàbá ẹ, tí kò bá sinmi, ó kú. Tiwa, tó bá sinmi, ó kú. Tó bá ti ráyè báyìí, á tò." Wọ́n ń nu awò ojú wọn. "Mi ò lè fi ẹ́ sídìí ìléru mọ́, Háfíà. Máa lọ sílé."

Mo lọ sílé. Yàrá ilé àwọn òṣìṣẹ́ ti lọ.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n

Inú Aṣọ́bodè dùn. A nu fèrèsé, a fọ aṣọ ìkélé, nítorí Àjíǹde tiwọn, ti ìjọ Àgùdà, kù sí dẹ̀dẹ̀. Wọ́n ti fi igun kan hàn mí lẹ́bàá sítóòfù tí àga tèmi á máa wà. Mo ti mọ ìró ẹsẹ̀ wọn. Mo ti ń dìde kí wọ́n tó pè mí. Ẹ̀rù ara mi ń bà mí.

Àbámẹ́ta, ọjọ́ kìíní oṣù Ìgbé

Ilko wọlé tẹ̀ríntẹ̀rín. Dókítà ti dá orúkọ rẹ̀ padà. Ọjọ́ Ajé tó tẹ̀lé Àjíǹde tiwa ló ń lọ sí Leningrad, fún oṣù mẹ́fà! Ó gbé mi sókè, ẹsẹ̀ mi kan kọ́bọ́ọ̀dù. "Ìwọ lo gbà mí là, Háfíà mi!"

Mo ní, "Èmi ńkọ́?"

Ó gbé mi sọ̀ kalẹ̀. Kò wojú mi. "Wàá wà pẹ̀lú Ìyá. Oṣù mẹ́fà ò pẹ́."

Ikọ́ dún níwájú.

Àìkú, ọjọ́ kejì

Àjíǹde tiwọn, tiwa di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀, ẹyin pupa. Ẹ̀gbọ́n Aṣọ́bodè wá kí wa. Wọ́n pe Aṣọ́bodè lórúkọ, "Irma, o ṣoríire o. O ti rí ẹni tí á máa bá ẹ gbélé." Aṣọ́bodè fọwọ́ pa ọwọ́ mi. Ọwọ́ wọn tutù. "Ọmọ dáadáa ni. Kì í sọ̀rọ̀."

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹrin

Mo ń bó ọ̀dùnkún, n kò gbójú sókè, mo ní, "Ìyá, mo fẹ́ bá Ilko lọ."

"Níbo lo máa sùn? Lábẹ́ afárá?"

N kò mọ̀. Mo sọ fún wọn pé n kò mọ̀.

Wọ́n kọjú sí ògiri. "Inú yàrá yìí ni bàbá Ilko ti jáde lọ sójú ogun. Wọ́n ní kò ní pẹ́."

N kò lè kórìíra wọn mọ́. Ìyẹn le ju ìkórìíra lọ. Ẹni tí a bá kórìíra, a lè sá fún un.

Ọjọ́rú, ọjọ́ karùn-ún

Mo padà lọ bá Dókítà. Mo ní kí wọ́n bá mi bẹ àwọn ará Leningrad, bóyá wọ́n nílò ẹni tí á máa fọ ìgò.

"Ìléru ńkọ́?"

"Mi ò ní sún mọ́ ọn."

"O mọ̀ pé ilé ọ̀tọ̀ ni ti ọkùnrin, ilé ọ̀tọ̀ ni ti obìnrin níbẹ̀? Obìnrin mẹ́ta á wà pẹ̀lú ẹ nínú yàrá. Ọjọ́ ìsinmi nìkan ni ìwọ àti ọkọ ẹ á máa ríra."

Ọ̀rọ̀ náà bọ́ lẹ́nu mi kí n tó mú un: "Ìyẹn náà ju èyí tí a ní báyìí lọ, Dókítà."

Yolana bú sẹ́rìn-ín lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Etí mi gbóná bí iná. Dókítà gan-an kọjú sí fèrèsé, mo rí i pé èjìká wọn ń mì. Wọ́n ní àwọn á tẹ̀ wọ́n láago. Kí n wá lọ́jọ́ Ẹtì.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹfà

Ilko ń di ẹrù. Ó fi ìdajì àpótí sílẹ̀ lófìfo.

Ẹtì, ọjọ́ keje

Orí bẹ́ǹṣì ni mo wà, lẹ́nu ọ̀nà Dókítà, orí orúnkún ni mo fi ìwé lé. Wọ́n ti ń sọ̀rọ̀ lórí fóònù. Leningrad ni. Yolana ti fi etí lé ilẹ̀kùn, ó ń fọwọ́ júwe fún mi, n kò lóye ìkankan nínú rẹ̀.

Nígbà tí mò ń jáde nílé, Aṣọ́bodè ní, "Níbo?" Mo sọ òtítọ́. Wọ́n ní kí n wọ síkáàfù, pé atẹ́gùn wà.

Mò ń gbọ́ Dókítà. "Ọwọ́ ẹ̀ mọ́… Rárá, kò kàwé púpọ̀… Bẹ́ẹ̀ ni, òun náà ni, ó ba odidi ìgò kan jẹ́."

Ó ti tán. Wọ́n ti sọ ọ́ fún wọn.

"Rárá o. Ẹnikẹ́ni ò mú un. Ọkọ ẹ̀ ti ru ẹ̀bi ẹ̀, ọ̀rọ̀ ti parí. Ó fẹsẹ̀ ara ẹ̀ rìn wá bá mi."

Ẹni tó wà lọ́hùn-ún ló ń sọ̀rọ̀. Ó pẹ́. Yolana kò júwe nǹkan kan mọ́.

Dókítà rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín kí ni? Wọ́n ní, "Láti Ajé yìí?" Wọ́n tún ní, "Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ báyìí, kí n máa gbọ́." Orúkọ mi ni wọ́n ń pè! Háfíà, wọ́n ń pè é díẹ̀díẹ̀, orúkọ bàbá mi náà – Yolana ti dì mọ́ mi – ilẹ̀kùn ti ṣí, Dókítà na fóònù sí mi, wọ́n ní, "Háfíà, dìde, wọ́n fẹ́ gbọ́ ọ lẹ́nu ìwọ fúnra ẹ pé wàá wá," ṣé kí n sọ pé