Àwọn Tó Gbé Ìyá Mi

Addis Ababa, 1938

Ọjọ́ Ajé, 7 Oṣù Kẹta
Ahọ́n tún wá. Lakew àbúrò mi ni mò ń pè bẹ́ẹ̀, láti ìgbà tó ti di ògbufọ̀ fáwọn Ítálì tó gba ìlú wa. Ó gbé ìyẹ̀fun àlìkámà wá fún Ìyá. Ìyá kọjú sógiri. "Ta ló ń rùn bí epo mọ́tò nínú ilé mi?" Oúnjẹ ò kan ẹnu ẹ̀ látàárọ̀, síbẹ̀ ó ní kí n da ìyẹ̀fun náà fádìẹ. Mo dà á.
Òfin àdúgbò wa ni: ẹni tó bá ń ṣiṣẹ́ fún wọn, a ò ní bá a yọ̀, a ò ní bá a sìnkú.

Ọjọ́rú, 9
Ìyá ti kú.

Ọjọ́bọ̀, 10
Gbogbo àdúgbò jáde. Bezabih ahunṣọ àtàwọn ọkùnrin mẹ́ta gbé pósí. Nítòsí ṣọ́ọ̀ṣì — ọkọ̀ akẹ́rù dínà. Ahọ́n, pẹ̀lú sójà mẹ́rin. Ó ní òun náà fẹ́ fi èjìká gbé ìyá òun. Mo kọ̀. Mo jókòó sínú eruku. Bezabih sọ pósí kalẹ̀, ó jókòó. Gbogbo èèyàn jókòó, títí kan àlùfáà. Ẹnikẹ́ni ò sọ̀rọ̀. Àwọn sójà ń bi Ahọ́n pé kí ló dé, kò rí nǹkan kan túmọ̀. Ó wọ ọkọ̀, ó lọ. A dìde, a lọ sin Ìyá.
Inú mi dùn. Kí Ọlọ́run dárí jì mí, inú mi dùn.

Ọjọ́ Ẹtì, 11
Àwọn sójà ti kó Bezabih àtàwọn mẹ́ta yẹn. Ilé sí ilé, wọ́n ń pè wọ́n lórúkọ. Bí ikú ilé ò bá pani, tòde ò lè pani.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 12
Kò sẹ́ni tó wá bá mi ṣọ̀fọ̀. Mo se kọfí, mo dá a mu. Zenebech, ìyàwó Bezabih, dúró lẹ́nu géètì, ó kọ̀ kò wọlé.
"Ìwọ lo kọ́kọ́ jókòó. Báwo ni wọ́n ṣe mọ orúkọ ọkọ mi tí wọn ò mọ tìẹ?"
Ó tutọ́ sílẹ̀, ó lọ.

Ọjọ́ Àìkú, 13
Ahọ́n wá, tòun tìyẹ̀fun. "Ẹ̀gbọ́n mi, wọ́n ní kí n sọ ẹni tó bẹ̀rẹ̀ ẹ̀. Mo ní Bezabih ni. Ẹ ṣáà máa dúpẹ́."
Kí n máa dúpẹ́! Ó tún ń sunkún. Ó ní wọ́n máa yìnbọn fún Bezabih lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, agbára òun ò ká a mọ́. Ọmọ tí mo fẹ̀yìn mi pọ̀n. Mo lé e jáde.

Ọjọ́ Ajé, 14
Mo ti gbálẹ̀. Mo ti kó àwọn adìẹ fún Zenebech. Ó gbà wọ́n, kò wojú mi. Mò ń lọ sí ọ́fíìsì wọn báyìí, láti lọ sọ ẹni tó kọ́kọ́ jókòó.
Mi ò gbọ́ èdè wọn. Àbúrò mi ni yóò túmọ̀ ọ̀rọ̀ mi.