Ìrẹsì Ìsìnkú Mi Tí Mi Ò Tíì Sè

Èmi, Àjọkẹ́ Fọláránmi, ìyàwó Olúwadáre, ìyá Tọ̀mídé, tó ń dáná fún Ilé-Ẹ̀kọ́ Ẹ̀yìn-Ṣáájú lórí òkè lẹ́yìn Osi, ni mo ń kọ ìwé ìhágún yìí. Orí mi pé. Ara mi le. Ẹ̀rù nìkan ló ń bà mí. Prámárì fáìfù ni mo ti fi ilé-ìwé sílẹ̀, torí náà ẹni tó bá rí àṣìṣe kó gbójú kúrò níbẹ̀.

Ẹ̀yin tí mo fi pínpín ogún mi lé lọ́wọ́ ni ẹ̀gbọ́n mi Ọmọ́bọ́lá ní Odo-Owa, àti Ọ̀gá Lábọ̀dé, ọ̀gá àgbà ilé-ẹ̀kọ́ náà. Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ máa ṣọ́ Ọ̀gá Lábọ̀dé. Wọ́n lè ní àwọn ti pín in lọ́dún tó kọjá.

Ẹ kọ́kọ́ gbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ní ilé-ẹ̀kọ́ wa, àbájáde ló máa ń ṣáájú, ìdí rẹ̀ á wá tẹ̀lé e. Ohun tí wọ́n ń kọ́ níbẹ̀ nìyẹn. Àwọn tíṣà á jẹun yó, wọn á nu ẹnu, wọn á wá sọ fún mi pé ẹ̀wà òní dùn. Ìgbà yẹn ni mo máa ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ ṣa ẹ̀wà. Tí mo bá sè é tán, ìkòkò á ṣófo fúnra rẹ̀, torí wọ́n ti jẹ ẹ́. Tí mi ò bá sè é, ohun tí wọ́n jẹ á máa padà kúrò níkùn wọn díẹ̀díẹ̀, ebi á sì dé.

Ó ti mọ́ mi lára. Àmọ́ ní Jímọ̀ tó kọjá, gbogbo wọn wọ aṣọ dúdú wá bá mi níbi ìdáná, ikùn wọn yọ síta, wọ́n ń kí mi kú ìrọ́jú. Mo bi wọ́n pé ta ló kú. Tíṣà Joy, tí kì í lè pa irọ́, ló wá ní, "Ìyá Tọ̀mídé, ẹ̀yin náà ni. Ìrẹsì ìsìnkú yín dùn gan-an. Ẹ bá wa sè é tí àyè bá gbà yín."

Mo jókòó lé àpò ìrẹsì náà. Orí rẹ̀ ni mo ti ń kọ ìwé yìí. Ohun tí mo rò ni pé tí mi ò bá sè é, mi ò ní kú. Àmọ́ kò dá mi lójú.

Ìkínní. Tọ̀mídé, ọmọ mi, tí kò tíì lè rá. Mo fi í sílẹ̀ fún ẹ̀gbọ́n mi Ọmọ́bọ́lá, kì í ṣe fún ìyá ọkọ mi ní Eruku. Màámi, ẹ má bínú. Ẹ fẹ́ràn ọmọ náà, mo mọ̀, àmọ́ ẹ fi omi tútù wẹ̀ ẹ́ nínú ọyẹ́, ẹ ní kó lè gbó ni. Ẹ̀gbọ́n mi, tó bá ń sunkún, èjìká òsì ni kí ẹ gbé orí rẹ̀ lé. Kì í gba ti ọ̀tún.

Ìkejì. Ilé tí mo ní ni àtíbàbà tí mo ti ń dáná. Ó ti jò kí òjò tó rọ̀, ẹ ò rí nǹkan. Mo fi fún Salamot tó ń bá mi bẹ iṣu. Salamot, má jẹ́ kí tíṣà kankan wọlé wá dúpẹ́ láàárọ̀. Ọpẹ́ wọn, iṣẹ́ ni.

Ìkẹta. Ewúrẹ́ mi. Ó jẹ ṣọ́ọ̀kì ilé-ẹ̀kọ́ náà, láti ìgbà yẹn ló ti ń ké kí ẹnikẹ́ni tó lù ú. Màámi, ẹ̀yin ni mo fún, kí ẹ má baà ní mi ò fi nǹkan kan sílẹ̀ fún yín. Tó bá ti ké, ẹ gbìyànjú kí ẹ má lù ú. Èmi náà gbìyànjú. Mo lọ jókòó síwájú ilé, mo ká ọwọ́ mi lé itan. Ó tẹ̀ lé mi, ó da iyọ̀ mi nù. Mo lù ú. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù nípa ìrẹsì yìí gan-an nìyẹn.

Ìkẹrin. Ọmọ odó mi. Màámi yá a nígbà ọdún iṣu, wọ́n dá a padà ní sísán, wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ló ṣe rí nígbà tí àwọn gbà á. Ní ibòmíràn, irọ́ ni. Ní tiwa, ó lè jẹ́ òótọ́, torí náà mi ò rí ìjà yẹn jà tẹ́rùn. Màámi, ẹ mú un, tòun ti sísán.

Ìkarùn-ún. Gbèsè. Mo jẹ Ọ̀gá Lábọ̀dé ní Ọjọ́bọ̀ kan. Nígbà tí mo bí Tọ̀mídé, oorun fẹ́ẹ̀ pa mí, wọ́n mú Ọjọ́bọ̀ kan jáde nínú kọ́bọ́ọ̀dù wọn, wọ́n fi yá mi, mo sùn ún tán. Olúwadáre ni kó san án. Òun náà sùn nínú ẹ̀.

Ìkẹfà. Olúwadáre, ọkọ mi. Ọ̀kadà tirẹ̀ ni, àmọ́ aṣọ tó wà lórí ìjókòó ẹ̀, tèmi ni. Mo fi fún un. Ó gbé ẹrù lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ yẹn, ó mu omi wọn, ó wá bá ìyá mi, ó dọ̀bálẹ̀, ó dúpẹ́ pé wọ́n fún òun níyàwó. Mo ní mi ò mọ̀ ọ́n rí. Ó ní òun náà ò mọ̀ mí, àmọ́ òun dúpẹ́. Ọdún yẹn ò parí tí mo fi fẹ́ ẹ. Bàbá Tọ̀mídé, tí ẹ bá fẹ́ ẹlòmíràn, kò burú. Àmọ́ kó má fọwọ́ kan orógùn mi. Ẹ sin orógùn mi mọ́ mi.

Mo dúró díẹ̀ níbí láti wá ẹlẹ́rìí. Kò jìnnà. Àwọn tíṣà ti kún ẹnu ọ̀nà, wọ́n di ikùn mú, ìrẹsì náà ti ń padà kúrò lára wọn. Ọ̀gá Lábọ̀dé ti jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Mo ní mi ò ní sè é, kí wọ́n fọwọ́ síwèé. Tíṣà Joy ń kà á lọ. Nígbà tó dé Ìkínní, ó bi mí pé Tọ̀mídé wo. Mo yí ẹ̀yìn mi sí i, kó rí ẹni tí mo pọ̀n. Ó wo ojú ọmọ náà, ó ní kí n fún òun ní bírò.

Mo fọwọ́ sí i ní Osi, ní ọjọ́ Ajé, oṣù kẹwàá, 2025.

Àjọkẹ́ Fọláránmi

Ẹlẹ́rìí kínní: Lábọ̀dé. Mo jẹ́rìí. Ebi ń pa mí.

Ẹlẹ́rìí kejì: Joy. Mo jẹ́rìí pé mo wà níbi ìsìnkú Àjọkẹ́ Fọláránmi. Tọ̀mídé ọmọ wọn ló dìde dúpẹ́ lọ́wọ́ èrò. Bàbá àgbàlagbà ni, irùngbọ̀n wọn funfun, ọ̀pá ni wọ́n fi dìde. Wọ́n ní ebi ò pa àwọn rí nílé ìyá àwọn. Nígbà tí ẹkún gbà wọ́n, ọmọ ọmọ wọn kan gbé orí wọn lé èjìká ẹ̀ òsì. Ìyá Tọ̀mídé, ẹ ò bi wá pé ìgbà wo ni.

Ìkeje, tí mo fi kún un lẹ́yìn ẹlẹ́rìí. Salamot, gbé ìkòkò ńlá kaná. Màámi, ewúrẹ́ náà ò tíì di tiyín.