Àwọn Ibùsùn Tí Kò Sùn Mọ́jú ní Akparé

Èmi, Jacques Ògúnyínká, àgbẹ̀ ará Akparé lẹ́bàá Atakpamé ní ilẹ̀ Togo, ọkọ olóògbé Oyin, ni mo ń sọ ọ̀rọ̀ yìí. Tíṣà Luc ló ń bá mi kọ ọ́, nítorí n kò mọ̀wé. Ara mi ti gbó, ṣùgbọ́n orí mi pé. Ẹni tó bá ní mo ń ṣarán, kí ó wá bi mí níbi tí ààlà oko rẹ̀ wà.

1. Christophe, ọmọ mi ọkùnrin, ló ni oko iṣu àti igi tíìkì, pẹ̀lú ọkọ́ àti àdá mi. Kí ó kọ́kọ́ gé pákó pósí mi nínú tíìkì náà kí ó tó ta ìyókù.

2. Maurice aládùúgbò mi ni kí ẹ kó àwọn ewúrẹ́ mi fún. Ó pẹ́ tí a ti ń jà lórí wọn, nítorí ẹ̀gẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ń jẹ. Láti ìgbà tí ilé mi ti dákẹ́, òun nìkan ló ṣì ń wá bú mi láàárọ̀.

3. Ilé mi di ti Bérénice, ọmọ mi obìnrin tó ń ya fíìmù ní Lomé nípa bí wọ́n ṣe ń ná owó ìlú.

Lọ́jọ́ tí àwọn aláṣẹ wá ṣí ilé ìwòsàn wa, ọkọ̀ akẹ́rù kó ibùsùn wá láàárọ̀. Oyin fi ìró rẹ̀ tó dára jù tẹ́ ọ̀kan, kí ojú má baà ti ìlú. Nígbà tí àlejò lọ tán, ọkọ̀ náà kó gbogbo ibùsùn padà, tòun ti ìró. A fi ọ̀rọ̀ náà rẹ́rìn-ín. Lọ́dún kejì, àìsàn dé sí Oyin. A gbé e lọ síbẹ̀. Orí sìmẹ́ńtì ló sùn, orí sìmẹ́ńtì ló kú sí.

Kò pẹ́ tí a sin ín tí Bérénice gbé kámẹ́rà síwájú mi. Mo sọ gbogbo rẹ̀. Ó ní, Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un sọ, ìmọ́lẹ̀ kò dára. Mo dìde. A kò tíì rí ara wa láti ọjọ́ náà. Luc fi fíìmù náà hàn mí lórí fóònù. Òtítọ́ ni gbogbo rẹ̀. Ẹ̀yìn mi nìkan ló wà níbẹ̀, tí mo ń lọ.

4. Ìró kejì, ìkejì èyí tí ọkọ̀ gbé lọ, wà nínú àpótí mi. Bérénice ni mo fún. Òun ni kí ó fi bo pósí mi.

5. Kòkúmọ́ àbúrò mi, ọwọ́ rẹ ni mo fi gbogbo èyí sí. Nínú ìdílé wa, òkú máa ń dúró díẹ̀ níbi tó ti ṣiṣẹ́ kí a tó sin ín. Mo fi orí ru yanrìn tí wọ́n fi kọ́ ilé ìwòsàn yẹn. Ẹ gbé mi wọ ibẹ̀, kí ẹ gbé mi kalẹ̀ síbi tí ibùsùn Oyin ìbá wà. Kí Bérénice gbé kámẹ́rà rẹ̀ wá. Kí ó ya mí títí yóò fi tẹ́ ẹ lọ́rùn; n kò ní dìde mọ́. Fèrèsé yàrá náà kọjú sí ìlà oòrùn. Láàárọ̀, ìmọ́lẹ̀ ibẹ̀ dára.

Mo tẹ àtàǹpàkò mi sí i: Jacques Ògúnyínká
Akparé, ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kẹta, ọdún 2024

Àwọn tí ojú wọn tó o:
Luc, tíṣà, tó kọ ọ́ sílẹ̀
André, katikíìsì
Kòkúmọ́ Ògúnyínká, àbúrò