Monica Ògúnyẹmí, Ẹni Tó Mú Orúkọ Ìbú Wọ Inú Ìwé (1957–2025)

Màmá Monica Ògúnyẹmí kú ní ọjọ́ kẹfà oṣù kẹta ọdún 2025, nílé wọn ní Ìmòrù, lórí ilẹ̀ gbígbẹ, níbi tí Ọmọ Ìbú kankan kò tíì kú sí rí.

Ọdún 1957 ni a bí wọn, nílùú Ìbú, nísàlẹ̀ Odò Ọ̀sẹ̀. Bàbá wọn, Akínfẹ́mi, ń mọ ilé sára bèbè odò: ilẹ̀kùn nínú omi, yàrá lókè omi. Ìyá wọn ń gbin òṣíbàtà, ó sì ń sin ẹja. Ẹni tí kò bá mọ àwa Ọmọ Ìbú, kó gbọ́ díẹ̀. Awọ wà láàárín ìka wa, ihò ìmí mẹ́ta-mẹ́ta sì wà lẹ́yìn etí wa, òun la fi ń mí nínú omi. A lè gbé lórí ilẹ̀, ṣùgbọ́n ọjọ́ mẹ́fà péré ni. Ẹni tó bá lo ọjọ́ keje láìsùn nínú omi tó ń ṣàn, ihò rẹ̀ á dí, kò sì ní ṣí mọ́ láéláé. A ní ọba, a ní òfin, ìlú wa kì í sì í ṣe ìlú àná.

Lọ́dún 1964, àwọn òbí wọn fi wọ́n sí ilé ẹ̀kọ́ ní Ìdógun. Ọjọ́ Ajé ni Màmá ń gòkè, ọjọ́ Ẹtì ni wọ́n ń padà sódò. Wọ́n máa ń ki ẹsẹ̀ bọ bàsíà omi nínú kíláàsì, àwọn ọmọ sì ń pè wọ́n ní “Monica Oníbàsíà.” Màmá lu méjì nínú àwọn ọmọ náà. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ṣèrìbọmi. Nígbà tí àlùfáà wọ́n omi díẹ̀ sí wọn lórí, Màmá béèrè pé, “Ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé omi ti tán ni?” Síbẹ̀, wọn kò fi ṣọ́ọ̀ṣì sílẹ̀ títí dọjọ́ ikú.

Ní 1979, wọ́n fẹ́ Sylvanus Ògúnyẹmí, ẹni tó ń ṣọ́ ọgbà ẹja ìlú. Ẹni jẹ́jẹ́ ni Bàbá. Màmá kì í ṣe ẹni jẹ́jẹ́. Wọ́n bá ara wọn mu.

Lọ́dún 1989, ìjọba ránṣẹ́ pé kí àwọn ìlú etí odò wá kọ orúkọ sílẹ̀ lọ́jọ́ kẹwàá oṣù karùn-ún. Àwọn àgbà wa kì í ka oṣù. Ilà tó wà lára òkúta odò ni wọ́n fi ń mọ ìgbà, bí omi ṣe ń gùn ún. Wọ́n ní oṣù karùn-ún ni ìgbà tí omi bá dé ilà karùn-ún. Màmá sọ pé kò rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n ní, “Monica, ṣé ìwọ ni yóò wá kọ́ omi bí í ti í kún?” Òjò pẹ́ lọ́dún náà. Nígbà tí àwọn àgbà fi gòkè, tiyùn-tiyùn lọ́rùn, ẹja yíyan lọ́wọ́, ó ti di oṣù kẹjọ. Ewúrẹ́ kan ni wọ́n bá lábẹ́ àtíbàbà tí àwọn akọ̀wé ìjọba ti fi sílẹ̀. Bí Ìbú kò ṣe sí nínú ìwé nìyẹn.

Ní 1994, ìgbìmọ̀ kan jókòó ní Ọ̀wọ̀ lórí odò wa tí wọ́n fẹ́ dí lápá òkè. Bí wọ́n bá dí i, ìlú wa á gbẹ. Àwọn àgbà tó fi Màmá ṣe yẹ̀yẹ́ ló wá bẹ̀ wọ́n, torí Màmá nìkan ló mọ̀wé. Tiwalọlá, àbíkẹ́yìn wọn, jẹ́ ọmọ oṣù mẹ́jọ, inú omi nìkan sì ni ìkókó wa ti ń mu ọmú. Ìgbìmọ̀ ní ọjọ́ mẹ́ta ni. Màmá fi ọmọ sọ́dọ̀ Ṣèyíọlá, àbúrò ọkọ wọn, tí òun náà ń tọ́mọ lọ́wọ́.

Alhaja Naimat, tó ń ta aṣọ láàárín ìlú Ọ̀wọ̀, ló gbà wọ́n sílé. Ó ń fa omi kànga dà sí wọn lára, ṣùgbọ́n omi kànga kì í ṣàn. Alhaja máa ń sọ pé, “Ẹja Ọ̀sẹ̀, má gbẹ mọ́ mi lọ́wọ́ o! Wọ́n á ní mo yan ọ́ jẹ ni.” Wọ́n á jọ rẹ́rìn-ín.

Ọjọ́ mẹ́ta di márùn-ún. Lọ́jọ́ kẹfà, Alága ní àárọ̀ ọ̀la ni òun máa gbọ́ ti Ìbú, ìlú tí aṣojú rẹ̀ kò bá sì sí níjòókòó, ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti tán. Ẹni tó bá lọ sùn lódò lóru ọjọ́ náà kò ní lè padà dé Ọ̀wọ̀ kí ìjókòó tó bẹ̀rẹ̀. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ni Bàbá gbé ọlọ́kadà wá. Wọ́n dúró ní àgbàlá Alhaja, wọ́n fi orúkọ àkọ́bí pe Màmá, wọ́n ní, “Ìyá Oyèníyì, ọmọ ń sunkún.”

Màmá ní, “Ọmọ wo nínú wọn? Bàbá Oyèníyì, bí mo bá tẹ̀ lé yín, gbogbo ọmọ inú omi yẹn ló máa sunkún.”

Bàbá nìkan ló gun ọ̀kadà náà padà.

Lọ́jọ́ keje, Alága ní, “Ìyá, ìlú yín kò sí nínú ìwé wa.”

Màmá ní, “Ẹ̀yin náà kò sí nínú tiwa, sà, mo sì kí yín káàárọ̀.”

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Màmá wá ka orúkọ ìdílé mọ́kànlélógójì, àti ẹni tó mọ ilé kọ̀ọ̀kan, láìwo ìwé kankan. Ó gbà tó wákàtí méjì. Kò sẹ́ni tó dá wọn lẹ́kun. Kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú, ihò ìmí wọn ti dí. Oṣù méjì lẹ́yìn náà, ìjọba fi ọ̀rọ̀ dídí odò sílẹ̀, wọ́n sì kọ orúkọ Ìbú sínú ìwé. Ọ̀sẹ̀ ṣì ń ṣàn. Màmá ló ṣe é, ẹ má jẹ̀ẹ́ kí ẹnikẹ́ni pín in pẹ̀lú wọn.

Nígbà tí Màmá kò lè gbé inú omi mọ́, wọ́n kọ́lé sí etí odò ní Ìmòrù, wọ́n sì kọ́ igba ọmọ wa ní ìwé kíkà, lórí amọ̀ tútù, torí bébà kì í bá wa tọ́. Wọ́n kan kàlẹ́ńdà mọ́ igi lẹ́bàá òkúta onílà. Àwọn àgbà ń wo méjèèjì báyìí. Màmá le, wọ́n sì ń bínú. Ẹni tó bá sọ pé wọn kì í bínú kò mọ̀ wọ́n. Bàbá ń gòkè wá bá wọn gbé ní ọjọ́ mẹ́fà-mẹ́fà, títí Bàbá fi kú ní 2011.

Oyèníyì, Abigail àti Tiwalọlá ni ọmọ tó gbẹ̀yìn wọn, pẹ̀lú ọmọọmọ méje. Àbíkẹ́yìn ni òfin wa ní kó gbé òkú ìyá wọ inú omi, Tiwalọlá yóò sì gbé wọn. Ṣèyíọlá tó fún un lọ́mú ló ń pè ní ìyá láti kékeré. Màmá ló ń pè ní Àǹtí Ìmòrù. Màmá, tó máa ń bínú sí gbogbo ayé, kò bínú sí i rí, wọn kò sì sọ fún un pé kó pè wọ́n ní nǹkan mìíràn.

Kí omi rọ̀ yín lára. Ẹ sùn re o, Ìyá Tiwalọlá. Kò sẹ́ni tó pè yín bẹ́ẹ̀ nígbà tí ẹ wà láyé.