Ẹkùn Tí Kò Jẹ Ọmọ Mi

Àyànfẹ́ ọmọ mi,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Ṣé apá, ẹsẹ̀ àti orí ṣì pé síbi tí mo fi wọ́n sí? Má rò pé àṣejù ni, wàá mọ ìdí tí mo fi ń bèèrè láìpẹ́. Ìyá rẹ ń kí ọ, ewúrẹ́ rẹ ń kí ọ, èmi náà ń kí ara mi kú ewu.

Lọ́jọ́ yẹn o bi mí lórí fóònù pé kí ló dé tí mo ń sunkún tí mo tún ń rẹ́rìn-ín. Fíìmù ẹranko igbó wa tí o yà ló fà á, èyí tí o ní kí tíṣà fi han gbogbo abúlé, ká lè mọ ohun tí a máa pàdánù bí àwọn agégi bá gé igbó wa tán. Tíṣà ti fèrèsé kíláàsì pa lọ́sàn-án gangan, ó ta aṣọ funfun sára ògiri. Gbogbo ayé pé, àwọn òkú ìbá wá bí àyè bá wà. A rí ọ̀bọ, a rí àgbọ̀nrín, ìyá rẹ ń pàtẹ́wọ́ fún ìkọ̀ọ̀kan. La bá gbọ́ ohùn rẹ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé, ẹ dákẹ́, ẹkùn ló ń bọ̀ yìí. Ọmọ mi, ẹkùn yọ! Orí rẹ̀ nìkan gba gbogbo ògiri. Ó ń bọ̀, ó ń bọ̀, ó la ẹnu, mo rí i títí dé ìfun, ni gbogbo rẹ̀ bá ṣókùnkùn.

Mo ní, ó ti gbé e mì! Mo fò dìde, mo fa aṣọ ya, mo ti ẹ̀rọ tí tíṣà fi ń gbé fíìmù sára ògiri ṣubú. Tíṣà ń pariwo pé, bàbá, ẹ jókòó, ó kù díẹ̀. Ta ló ń jókòó nígbà tí ẹkùn ń jẹ ọmọ rẹ̀? Mo mú àdá, mo forí lé igbó, gbogbo abúlé rọ́ tẹ̀ lé mi.

Ibi tí àwọn agégi ti ń ṣiṣẹ́ la gbà kọjá. Wọ́n rí èrò, wọ́n rí àdá, wọ́n gbọ́ tí ìyá rẹ ń ké pé, òní la máa la ikùn rẹ̀! Ọ̀gá wọn tí ikùn rẹ̀ rí bí àgbá fọwọ́ méjèèjì bo tirẹ̀, ó fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ. Wọ́n fi ayùn sílẹ̀, wọ́n fi bàtà sílẹ̀, ẹnì kan tilẹ̀ gbàgbé ṣòkòtò. Wọn ò tíì padà wá. A ò sì bá wọn jà o, egungun rẹ la ń wá.

Abẹ́ ìrókò la wà tí fóònù ìyá rẹ fi dún, ìwọ lo sì ń pè. Mo ní kí o má purọ́ fún mi, bó bá jẹ́ inú ẹkùn lo wà, kí ló dé tí nẹ́tíwọ̀kì ibẹ̀ dára tó báyìí, nígbà tó jẹ́ pé àwa máa ń gun àga nínú pálọ̀ wa ká tó gbọ́ ọ? O ní ilé lo wà, o ń jẹun, pé kámẹ́rà nìkan lo so mọ́ igi, ẹkùn wá gbóòórùn rẹ̀, ohùn rẹ sì dé inú fíìmù lẹ́yìn náà, bí iyọ̀ ṣe ń dé ọbẹ̀. Kò tíì yé mi bí kámẹ́rà ṣe ń dá ṣiṣẹ́ láìsí ẹni tó ń pariwo mọ́ ọn. Ìwọ kò ṣe bẹ́ẹ̀ rí. Ṣùgbọ́n ọkàn mi balẹ̀ wọ̀ọ̀, mo jókòó sórí kùkùté, mo sunkún, mo rẹ́rìn-ín.

Jọ̀wọ́, fi owó ránṣẹ́ kí n fi tún ẹ̀rọ tíṣà ṣe, kí n sì ra ṣòkòtò, ẹ̀gún ti jẹ ìdí tèmi. Mú irú kámẹ́rà yẹn kan bọ̀, kí n so ó mọ́ ilé ewúrẹ́. Òṣìṣẹ́ tí kì í jẹ, tí kì í sùn, ni mo ti ń wá látọjọ́ tí o ti lọ sígboro.

Ohun tó ń la ẹnu kò ní rí ọ gbé mì. Ire ni ojú rẹ àti ojú kámẹ́rà rẹ yóò máa rí. Bí o bá tún pàdé ẹkùn náà, bá mi kí i, sọ fún un pé ìjà ti parí, igbó rẹ̀ ṣì wà lóòró. Ṣùgbọ́n òkèèrè ni kí o ti sọ ọ́.

Èmi ni bàbá rẹ, tó wá egungun rẹ títí, tí kò rí ẹyọ kan, tí inú rẹ̀ sì ń dùn ṣìnkìn.