Ta Ni Bàbá Tí O Dọ̀bálẹ̀ Fún Nínú Sinimá?

Ìlárá Rẹ́mọ,
Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kẹwàá, 1984.

Lásúnkànmí ọmọ mi,

Kí Ọlọ́run jẹ́ kí ìwé yìí bá ọ nínú ara líle, kí ó sì bá ọ lẹ́yìn oúnjẹ, nítorí mi ò fẹ́ kí o fi ebi kà á. Ara ìyá rẹ le, orúnkún rẹ̀ nìkan ló kù díẹ̀ káàtó. Òjò wó ògiri ẹ̀yìnkùlé, kòkòrò sì wọ inú obì mi lọ́dún yìí, ṣùgbọ́n a ń jẹ, a ń mu, a dúpẹ́.

Mo ti wo sinimá rẹ. Gbọ̀ngàn kan ní Ṣàgámù ni wọ́n ti fi í hàn, Síkírù ọmọ ẹ̀gbọ́n mi, èyí tó jẹ́ tíṣà, ló mú mi lọ. Kí eré tó bẹ̀rẹ̀, ìwé Gẹ̀ẹ́sì jáde lára aṣọ funfun tí wọ́n ta síwájú wa, Síkírù sì ń kà á sí mi létí pé ìwọ lo kọ ìtàn, ìwọ lo ya àwòrán, ìwọ lo gé e, tí o tún lẹ̀ ẹ́ pọ̀, ìwọ lo darí gbogbo wọn, ìwọ náà lo tún ń ṣeré níbẹ̀. Àwọn èèyàn ń pàtẹ́wọ́, omi ń bọ́ lójú èmi. Ṣé kò sẹ́ni tí ń bá ọ ṣe é ni? Níhìn-ín, bí a bá rí ẹni tó ń dá roko, tó ń dá kórè, tó tún ń dá ru ẹrù lọ sọ́jà, a máa ń bèèrè pé kí ni àwọn ará ilé rẹ̀ ṣe fún un.

Nígbà tó yá, o dọ̀bálẹ̀ fún bàbá arúgbó kan, o ní o ń lọ sí Èkó, ó gbé ọwọ́ lé ọ lórí, ó sì ṣàdúrà gígùn fún ọ. Mi ò mọ ìgbà tí mo dìde. Mo kígbe pé èmi nìyí, èmi ni bàbá rẹ, wọ́n ní kí n jókòó, mo ń dí wọn lójú. O ò tilẹ̀ bojú wẹ̀yìn. Lọ́jọ́ kejì mo tún sanwó wọlé, bóyá wàá dá mi mọ̀ lọ́tẹ̀ yìí, mo tiẹ̀ wọ dàńṣíkí aláwọ̀ ewé tí o mọ̀ mọ́ mi. Bàbá yẹn náà lo tún dọ̀bálẹ̀ fún, àdúrà rẹ̀ ò sì fi ẹyọ ọ̀rọ̀ kan yàtọ̀ sí ti àná.

Ìyá rẹ ní òṣèré ni, pé o sanwó fún un ni. Ìyẹn ló dùn mí jù. Lọ́jọ́ tí o fẹ́ lọ sí Èkó lọ́dún mẹ́fà sẹ́yìn, o dọ̀bálẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà mi, mo ń ṣa obì, mi ò gbójú sókè, mo ní iṣẹ́ àwọn aláìníṣẹ́ lo ń lọ ṣe. O pẹ́ nílẹ̀. Mo ń gbọ́ bí o ṣe ń mí, mo ṣì ń ṣa obì. Ohun tó yẹ kí n fún ọ lọ́fẹ̀ẹ́ ni o lọ fowó rà lọ́wọ́ ẹni ẹlẹ́ni. Mo jẹ̀bi, ọmọ mi, mo sì kábàámọ̀ rẹ̀.

Ẹ̀bẹ̀ mi rèé. Gé bàbá yẹn kúrò, ṣebí ìwọ náà lo ń gé e, kí o fi owó ọkọ̀ ránṣẹ́ kí n wá dúró síbẹ̀, mi ò ní gba kọ́bọ̀ lórí rẹ̀. Síkírù ní sinimá tó ti parí ò ṣeé yí mọ́, ṣùgbọ́n tíṣà ni, kí ló mọ̀ nípa iṣẹ́ rẹ? Bó bá sì jẹ́ òótọ́ ló sọ, fi owó ọkọ̀ náà wọkọ̀ wá sílé.

Mi ò mọ àdúrà gígùn bíi ti bàbá yẹn. Ọlọ́run á ṣọ́ ọ, ọ̀nà rẹ á là, o ò ní ṣe àṣedànù. Ọdún mẹ́fà ti lọ tó yẹ kí n ti sọ ọ́: dìde nílẹ̀, ọmọ mi.

Èmi bàbá rẹ,
Sàláwù.